Ọlọ́pàá níbi ìdìbò alájẹṣẹ́kù: ta ni wọ́n wá dáàbò bò?

  Ọ̀rọ̀ tí mo sọ nínú ètò ti ọ̀sẹ̀ yìí ni ẹ fẹ́ kà báyìí. Mo kàn yọ ikọ́ mi àti ariwo jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò kúrò nínú rẹ̀ ni.

Ìbéèrè kan wà tó máa ń jáde ní gbogbo ìgbà tí a bá ti sọ̀rọ̀ nípa owó àjọni: bí ìdìbò ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù bá fẹ́ di ìjà, ṣé a lè pe ọlọ́pàá? Bí a bá sì pè wọ́n, kí ni wọ́n lẹ́tọ̀ọ́ láti ṣe, kí sì ni wọn kò lẹ́tọ̀ọ́ láti ṣe?

Ìdáhùn kúkúrú ni pé bẹ́ẹ̀ ni, ẹ lè pè wọ́n. Àmọ́ ìdáhùn kúkúrú yẹn lè kó yín sí wàhálà bí ẹ bá dúró síbẹ̀. Ẹni tó pe ọlọ́pàá, ohun tó kọ sínú ìwé tó fi pè wọ́n, àti ibi tí wọ́n dúró sí nígbà tí wọ́n dé, àwọn ló ń sọ bóyá ọmọ ẹgbẹ́ ni wọ́n wá dáàbò bò tàbí àga ààrẹ. Ohun tí mo fẹ́ kí a tú palẹ̀ lónìí nìyẹn. Kí n tètè sọ ọ́ pé èmi kì í ṣe agbẹjọ́rò o. Iṣẹ́ mi ni kí n ka òfin, kí n bi àwọn tó mọ̀ ọ́n léèrè, kí n sì sọ ọ́ fún yín ní èdè tí a jọ ń sọ.

Kí ló wà níbẹ̀ tí wọ́n fi ń jà?

Ẹni tí kò bá ṣe alájẹṣẹ́kù rí lè máa rẹ́rìn-ín pé ipò ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn tó ń dá owó jọ ni wọ́n ń du bí ẹní ń du ipò gómìnà. Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Ká ní ọmọ ẹgbẹ́ 200 ló wà nínú ẹgbẹ́ kan, tí kálukú ń dá ₦10,000 lóṣù. Ìyẹn ti di ₦2,000,000 lóṣù kan. Lọ́dún kan, ó di ₦24,000,000, a ò tíì ka èlé orí ẹ̀yáwó mọ́ ọn. Ìgbìmọ̀ tí ẹ bá dìbò yàn ló máa sọ ẹni tó máa rí ẹ̀yáwó gbà lóṣù yìí àti ẹni tí yóò dúró di oṣù tó ń bọ̀. Àwọn ló ń buwọ́ lùwé ní báǹkì. Bí ẹgbẹ́ bá fẹ́ ra ilẹ̀, tàbí kó ra ìrẹsì àti òróró fún ọdún, àwọn ló ń bá ọlọ́jà sọ̀rọ̀.

Ìyá mi ti wà nínú alájẹṣẹ́kù àwọn oníṣòwò láti ìgbà tí mo ti wà ní ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀yáwó tí wọ́n gbà níbẹ̀ wà lára owó tí mo fi parí fásitì. Torí náà, nígbà tí mo bá gbọ́ pé àwọn kan fọ́ àga mọ́ra wọn lórí níbi ìdìbò ẹgbẹ́, mi ò lè fi ṣẹ̀fẹ̀. Mo mọ̀ pé owó ilé ẹ̀kọ́ ọmọ ẹnìkan wà lábẹ́ àga yẹn.

Ohun kejì tó ń fa ìjà wà nínú bí a ṣe dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀. Ní Rochdale, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ní ọdún 1844, àwọn ènìyàn 28 dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ tí wọ́n fi ṣí ilé ìtajà. Ọ̀dọ̀ wọn ni ìlànà tí alájẹṣẹ́kù káàkiri ayé ń tẹ̀ lé ti jáde, pé ẹnìkan ní ìbò kan. Òfin alájẹṣẹ́kù Nàìjíríà ti ọdún 1993 náà gbà bẹ́ẹ̀. Ó tún sọ pé ẹnì kan ṣoṣo kò gbọ́dọ̀ ní ju ìdá márùn-ún ìpín ìdókòwò ẹgbẹ́ lọ. Olówó tó ní mílíọ̀nù nínú ẹgbẹ́ àti ìyá aláta tó ń dá owó díẹ̀díẹ̀, ìbò kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ní.

Ẹ wá wò ó dáadáa. Nínú ilé iṣẹ́ tó ń ta ìpín ìdókòwò, ẹni tó bá fẹ́ gba àṣẹ á lọ ra ìpín sí i. Nínú alájẹṣẹ́kù, kò sí ọ̀nà yẹn. Ẹni tó bá fẹ́ fi èrú gba ipò, orí ènìyàn ló gbọ́dọ̀ gbà. Yóò dẹ́rù ba àwọn kan kí wọ́n má bàa wá, yóò kó àwọn tí kì í ṣe ọmọ ẹgbẹ́ wọlé, tàbí kó dá ìpàdé rú kí ìgbìmọ̀ àná lè máa bá ìjókòó wọn lọ. Gbogbo rẹ̀, ojúkojú ni, nínú gbọ̀ngàn. Ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ ọlọ́pàá fi ń wọ inú ìdìbò tó yẹ kó jẹ́ ti ojúlùmọ̀ àti ọ̀rẹ́.

Òfin wa gba India kọjá kó tó dé Ìbàdàn

Mo fẹ́ mú yín lọ sí India díẹ̀, kì í sì ṣe torí pé mo fẹ́ rìn jìnnà. Ibẹ̀ ni òfin alájẹṣẹ́kù wa ti wá.

Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣe òfin alájẹṣẹ́kù fún India ní 1904, wọ́n sì ṣe èyí tó gbòòrò jù ú lọ ní 1912. Ọ̀kan nínú àwọn òyìnbó tó bójú tó ẹgbẹ́ wọ̀nyí, ní agbègbè Punjab, ni C. F. Strickland. Òun ni ìjọba wá ní kó wá sí Nàìjíríà kó wo bóyá irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ lè dúró níbí. Ó kọ àbọ̀ rẹ̀ ní 1934. Òfin àkọ́kọ́ jáde ní 1935, wọ́n sì fi Ìbàdàn ṣe ibùjókòó ọ́fíìsì náà. Àwọn àgbẹ̀ olókòó kòkó wà lára àwọn tó kọ́kọ́ jẹ àǹfààní rẹ̀.

Nítorí náà, òfin wa àti ti India jọ ní ìyá kan náà. Níhìn-ín àti lọ́hùn-ún, òṣìṣẹ́ ìjọba kan ló ń forúkọ ẹgbẹ́ sílẹ̀, òun ló ń rí sí i pé wọ́n yẹ ìwé owó wò, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni a sì ń gbé aáwọ̀ lọ. Àmọ́ àwọn ará India ti rìn jìnnà jù wá lọ lórí ọ̀rọ̀ ọlọ́pàá níbi ìdìbò, torí pé ojú wọn ti rí nǹkan.

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ní Kerala

Kerala jẹ́ ìpínlẹ̀ kan ní gúúsù India. Báǹkì alájẹṣẹ́kù wà káàkiri ibẹ̀ títí dé abúlé. Ibẹ̀ ni àgbẹ̀ ti ń yá owó oko, ibẹ̀ ni olùkọ́ tó fẹ̀yìn tì ń tọ́jú owó sí. Òfin tí ìpínlẹ̀ náà ṣe ní 1969 ló ń darí wọn. Ìgbìmọ̀ tí wọ́n bá dìbò yàn ń lo ọdún márùn-ún, ìjọba ìpínlẹ̀ náà sì ní àjọ elétò ìdìbò kan tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju ìdìbò àwọn alájẹṣẹ́kù lọ.

Ẹ ó rò pé ibi tó bá ní àjọ elétò ìdìbò tirẹ̀ á ti bọ́ lọ́wọ́ ìjà. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹgbẹ́ òṣèlú ti wọ inú rẹ̀. Àwọn Kọ́múníìsì àti àwọn ẹgbẹ́ Congress, tó ń du ìjọba ìpínlẹ̀ mọ́ ara wọn lọ́wọ́, ló tún ń du ìgbìmọ̀ báǹkì abúlé. Ẹni tó bá ní báǹkì lọ́wọ́ ní iṣẹ́ láti pín, ó ní ẹ̀yáwó láti fúnni, ó sì ní orúkọ rere láàárín àwọn tó máa dìbò yan ìjọba ìpínlẹ̀ lọ́la.

Ohun tó wá di àṣà ni pé, bí ọjọ́ ìdìbò bá ti ń sún mọ́lé, olùdíje kan tàbí ìgbìmọ̀ ẹgbẹ́ náà fúnra rẹ̀ á gba Ilé Ẹjọ́ Gíga Kerala lọ, ní Kochi, pé ẹ̀rù ń ba òun. Adájọ́ kì í sábà dá ìdìbò dúró, torí ìlànà ilé ẹjọ́ India ni pé bí ìdìbò bá ti bẹ̀rẹ̀, ẹ jẹ́ kó parí, kí ẹni tó bá ní ẹjọ́ wá rò ó lẹ́yìn náà. Ohun tó ń ṣe ni pé ó ń pàṣẹ fún ọlọ́pàá.

Mo fẹ́ kí ẹ fetí sí ohun tó sábà máa ń wà nínú irú àṣẹ bẹ́ẹ̀, torí òun ni ẹ̀kọ́ wa. Ó ń sọ pé kí ọlọ́pàá rí i pé olùdìbò wọlé, ó sì jáde, láìsí ẹni tó fọwọ́ kàn án. Ó ń sọ pé ẹni tó bá ní ìwé ìdánimọ̀ nìkan ni kó wọlé. Ó lè ní kí wọ́n ya fídíò ìdìbò náà, ẹni tó béèrè fún un ló sì sábà máa ń san owó rẹ̀. Nígbà míì, ó ń rán agbẹjọ́rò kan lọ kó lọ jẹ́ ojú ilé ẹjọ́ níbẹ̀. Ẹ ò rí i pé kò sí ibi tó ti ní kí ọlọ́pàá ka ìbò, tàbí kí wọ́n sọ ẹni tó jẹ́ ọmọ ẹgbẹ́ gidi. Ẹnu ọ̀nà ni iṣẹ́ wọn mọ.

Ṣé ìyẹn tó? Ní ọjọ́ 16, oṣù kọkànlá, ọdún 2024, báǹkì alájẹṣẹ́kù kan ní Chevayur, nínú ìlú Kozhikode, dìbò. Ọlọ́pàá wà níbẹ̀. Síbẹ̀ ìjà bẹ́ sílẹ̀, wọ́n sì kọlu ọkọ̀ tó ń gbé àwọn olùdìbò wá. Ẹgbẹ́ Congress fẹ̀sùn kàn pé àwọn tí kì í ṣe ọmọ ẹgbẹ́ ló wá dìbò lórúkọ ọlọ́rúkọ, àti pé ńṣe ni ọlọ́pàá ń wòran. Lọ́jọ́ kejì, wọ́n pe ìyanṣẹ́lódì tó ní kí ṣọ́ọ̀bù àti ọkọ̀ dúró. Ẹ̀sùn ni mo sọ o, kì í ṣe ìdájọ́. Àmọ́ ẹ wo ohun tó ti ṣẹlẹ̀: ìdìbò báǹkì kan ti sọ àwọn tí kò tilẹ̀ mọ ọ̀nà báǹkì náà di ẹni tó jókòó sílé.

Bí ẹ bá ń rò ó pé kí ló dé tí wọ́n fi ń yọ ara wọn lẹ́nu tó bẹ́ẹ̀, ẹ rántí Karuvannur. Báǹkì alájẹṣẹ́kù ni òun náà, ní agbègbè Thrissur, ní ìpínlẹ̀ kan náà. Ní 2021 ni àṣírí tú pé wọ́n ti ń fi ẹ̀yáwó èké kó owó jáde. Àwọn arúgbó tó ti tọ́jú owó síbẹ̀ lọ gba owó wọn, wọn ò rí i gbà. Ìdìbò ìgbìmọ̀ alájẹṣẹ́kù kì í ṣe eré. Ẹni tó bá jókòó sórí àga yẹn lè fi owó oògùn bàbá àgbàlagbà ṣòfò.

Nílé wá ńkọ́?

Ní Nàìjíríà, a kò ní irú àṣà ilé ẹjọ́ yẹn, bẹ́ẹ̀ ni a kò gbọ́dọ̀ retí pé kí ilé ẹjọ́ dá sí gbogbo ìdìbò ẹgbẹ́ àdúgbò. Àmọ́ òfin tí a ní tó lò, bí a bá mọ̀ ọ́n.

Òfin ọlọ́pàá tuntun jáde ní 2020. Ààrẹ Buhari buwọ́ lù ú ní oṣù kẹsàn-án ọdún náà. Àwa tí a jẹ́ ọ̀dọ́ rántí ohun tó ṣẹlẹ̀ ní oṣù kẹwàá tó tẹ̀ lé e, nígbà tí àwọn èwe jáde sígboro lórí ọ̀rọ̀ SARS. Torí náà mo mọ̀ pé bí mo bá ní "ẹ pe ọlọ́pàá," ọ̀pọ̀ nínú yín á ṣu ẹnu. Mi ò ní kí ẹ fọkàn tán wọn bí ẹní fọkàn tán ìyá yín. Ohun tí mo ní ni pé kí ẹ mọ ohun tí òfin ní kí wọ́n ṣe, kí ẹ lè fi mú wọn.

Abala kẹrin òfin náà sọ iṣẹ́ wọn: kí wọ́n dènà ìwà ọ̀daràn, kí wọ́n dáàbò bo ẹ̀mí àti dúkìá, kí wọ́n sì rí i pé àlàáfíà wà nílùú. Abala 83 tún sọ pé bí ẹnìkan tàbí ẹgbẹ́ kan bá fi tó ọlọ́pàá létí pé àwọn fẹ́ ṣe ìpàdé níbi tí gbogbo ènìyàn lè dé, ọ̀gá ọlọ́pàá àdúgbò náà gbọ́dọ̀ pèsè ààbò fún un. Ìpàdé alájẹṣẹ́kù lè jẹ́ ti ọmọ ẹgbẹ́ nìkan, àmọ́ iṣẹ́ dídáàbò bo ẹ̀mí kò béèrè ìwé ọmọ ẹgbẹ́. Ìgbọ̀wọ́ kọ́ ni ẹ ń tọrọ nígbà tí ẹ bá kọ̀wé sí wọn. Iṣẹ́ wọn ni.

Òdì kejì rẹ̀ wà nínú abala 32: a kò gbọ́dọ̀ mú ènìyàn torí ẹ̀ṣẹ̀ tí kò ju gbèsè tàbí àdéhùn tó bàjẹ́ lọ. Òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti 2015 náà sọ ohun kan náà. Ẹ di èyí mú ṣinṣin, torí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ àlàáfíà ẹgbẹ́ ti ń bàjẹ́. Ààrẹ tó wà lórí oyè á rí i pé ẹnì kan ń díje pẹ̀lú òun, á ranti pé ẹni yẹn ṣì jẹ ẹgbẹ́ ní ẹ̀yáwó, á sì ní kí ọlọ́pàá wá mú un ní àárọ̀ ọjọ́ ìdìbò. Gbèsè ẹ̀yáwó ní ọ̀nà tirẹ̀ tí a fi ń gbà á: onídùúró wà, owó tó ti dá jọ wà, ilé ẹjọ́ sì wà. Ọlọ́pàá kì í ṣe agbowó ẹgbẹ́.

Aáwọ̀ lórí ìdìbò fúnra rẹ̀ náà ní ibi tó ń lọ. Òfin 1993 fi í sí ọwọ́ ọ̀gá àgbà tó ń bójú tó alájẹṣẹ́kù nínú ìjọba, kó parí rẹ̀ fúnra rẹ̀ tàbí kó yan ẹni tó máa parí rẹ̀. Àwọn ìpínlẹ̀ ní ọ́fíìsì tiwọn. Bí ẹ bá sọ pé wọ́n ka ìbò bó ṣe wù wọ́n, ibẹ̀ ni ẹ ń gbé e lọ. Bí ẹnì kan bá fi ìgò gún ẹnì kejì nígbà tí wọ́n ń ka ìbò, àgọ́ ọlọ́pàá ni ìyẹn ń lọ. Ẹ má pa méjèèjì pọ̀.

Bí a ṣe ń pè wọ́n

Ó dáa, ẹ̀rù ti ń ba yín pé ìdìbò ọ̀tẹ̀ yìí á le. Kí ni ẹ ó ṣe?

Àkọ́kọ́, ẹni tó kọ ìwé ṣe pàtàkì. Kí ìpàdé gbogbogbòò yan ìgbìmọ̀ tó máa darí ìdìbò, àwọn tí kò díje, kí ìgbìmọ̀ yẹn sì kọ̀wé lórúkọ ẹgbẹ́. Nínú òfin ìdìbò ìjọba, INEC tó ń darí ìdìbò ni òfin ní kó béèrè fún àwọn agbófinró, kì í ṣe olùdíje. Òfin yẹn kò kan alájẹṣẹ́kù, àmọ́ ọgbọ́n inú rẹ̀ kan wá. Bí ààrẹ tó ń díje lẹ́ẹ̀kejì bá dá nìkan kọ̀wé, ojú àlejò rẹ̀ ni gbogbo ènìyàn á fi máa wo ọlọ́pàá. Bí ẹ̀rù bá wá ń ba olùdíje kan ní tòótọ́, ó lẹ́tọ̀ọ́ láti kọ tirẹ̀, ṣùgbọ́n kó fi ẹ̀dà rẹ̀ ránṣẹ́ sí ìgbìmọ̀ náà, kí ó má bàa dà bí ọ̀tẹ̀.

Èkejì, ẹ kọ ọ́ ní kíkún. Ọjọ́ wo? Aago mélòó sí aago mélòó? Gbọ̀ngàn wo? Ènìyàn mélòó ni ẹ ń retí? Àwọn wo ni olùdíje? Kí ló mú ẹ̀rù bà yín? Bí ẹnì kan bá ti fi àtẹ̀jíṣẹ́ halẹ̀ mọ́ ẹnikẹ́ni, ẹ má pa á rẹ́, ẹ tẹ̀ ẹ́ jáde kí ẹ fi mọ́ ìwé náà. "Wọ́n fẹ́ dà á rú" kò tó. Ẹ kọ́kọ́ gbé e lọ síwájú ọjọ́ náà dáadáa, ẹ gba ẹ̀dà tí wọ́n fi òǹtẹ̀ lù padà, kí ẹ sì fi ọ̀kan ránṣẹ́ sí ọ́fíìsì alájẹṣẹ́kù ìjọba, kí àwọn náà rán òṣìṣẹ́ wá.

Ẹ̀kẹta, ẹ jọ lọ. Kí gbogbo olùdíje, tàbí aṣojú wọn, jọ lọ rí D.P.O. lọ́jọ́ kan náà. Níbẹ̀ ni ẹ ti máa fẹnu kò sí ohun tí ọlọ́pàá máa ṣe. Ìjókòó kan ṣoṣo yìí lè pa ìjà tí ọlọ́pàá ogún kò lè pa, torí kálukú ti gbọ́ ọ níwájú ara wọn pé ẹni tó bá kó jàǹdùkú wá, ọ̀rẹ́ kò sí.

Ẹ̀kẹrin, ẹ sọ ibi tí wọ́n máa dúró sí. Ẹnu géètì dáa. Ìdí àpótí ìbò kò dáa. Obìnrin tó ń ta gàárì tí kò bá ọlọ́pàá ṣe nǹkan pọ̀ rí kò ní lè fi ọkàn balẹ̀ tẹ̀ka bí ìbọn bá wà ní ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀. Ẹ fẹnu kò sí ẹnì kan ṣoṣo tó lè pè wọ́n wọlé, kó jẹ́ alága ìgbìmọ̀ ìdìbò, kó sì jẹ́ pé ìjà tàbí ìhalẹ̀ nìkan ni yóò fi pè wọ́n, kì í ṣe torí pé ẹnì kan ń béèrè ìbéèrè.

Ẹ̀karùn-ún, ọ̀rọ̀ owó. A kì í san owó kí ọlọ́pàá tó ṣe iṣẹ́ wọn. Àmọ́ a jọ wà ní Nàìjíríà, mo sì mọ̀ pé ẹnì kan á ní kí a fi nǹkan ra epo sọ́kọ̀. Ohun tí mo lè gbà yín níyànjú ni pé kí olùdíje kankan má ṣe ná kọ́bọ̀ lórí wọn. Bí ẹgbẹ́ bá gbé oúnjẹ fún ọmọ ẹgbẹ́, kí wọ́n gbé irú rẹ̀ fún ọlọ́pàá, kí akápò kọ ọ́ sínú ìwé. Ẹni tó fún ènìyàn ní ẹran jẹ ní ìkọ̀kọ̀ ló ni ẹnu rẹ̀.

Ohun tí ìbọn ò lè dáàbò bò

Ibi tí mo fẹ́ kí ẹ ti fetí sílẹ̀ jù rèé. Bí ògiri ò bá lanu, alángbá ò lè ráyè wọ̀ ọ́. Ìjà ọjọ́ ìdìbò, ọ̀pọ̀ ìgbà, kì í ṣe ọjọ́ yẹn ló bẹ̀rẹ̀. Nínú ìwé orúkọ ló ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ padà wo ẹ̀sùn Chevayur: pé àwọn tí kì í ṣe ọmọ ẹgbẹ́ ló wá dìbò. Ká ní òótọ́ ni, kí ni ọlọ́pàá tó wà ní géètì fẹ́ ṣe sí i? Kò mọ ẹnikẹ́ni. Ìwé ìdánimọ̀ tí wọ́n bá fi hàn án ló máa wò. Bí ẹgbẹ́ bá fi ìwé fún ẹni tí kò yẹ, ọlọ́pàá náà á kàn ràn án lọ́wọ́ láti wọlé ní àlàáfíà ni. Ìdìbò náà lè parí láìsí ẹ̀jẹ̀, kó sì jẹ́ ole.

Torí náà, ẹ lẹ orúkọ gbogbo àwọn tó lẹ́tọ̀ọ́ láti dìbò mọ́ ara ògiri ọ́fíìsì ẹgbẹ́, ó kéré tán ọ̀sẹ̀ díẹ̀ ṣáájú. Kí kálukú wá wò ó. Kí ẹni tí orúkọ rẹ̀ kò sí níbẹ̀ tètè sọ, kí ẹni tó bá rí orúkọ òkú tàbí ti àjèjì tètè pariwo. Kí ọjọ́ kan wà tí ìwé náà á tì, tí ẹnikẹ́ni kò ní lè wọ̀ ọ́ mọ́ títí ìdìbò yóò fi parí. Aáwọ̀ tó bá wà, ọ́fíìsì alájẹṣẹ́kù ìjọba ló máa parí rẹ̀ nígbà tí ara ṣì tutù, kì í ṣe ọlọ́pàá nígbà tí ara ti gbóná.

Ohun kejì ni ìbò ìkọ̀kọ̀. Ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ wa ṣì ń nawọ́ sókè, tàbí kí wọ́n tò sẹ́yìn olùdíje. Ó yá, ó sì rọrùn láti kà. Àmọ́ ẹ rò ó wò: o nawọ́ fún ẹni tó fìdí rẹmi, ẹni tó wọlé sì rí ọ. Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn náà, o fẹ́ gba ẹ̀yáwó láti san owó ilé. Kò sí ẹni tó máa lù ọ́. Wọ́n á kàn máa sọ fún ọ pé ìwé rẹ kò tíì pé. Irú ìyà yẹn, kò sí ọlọ́pàá tó lè mú ẹni tó ń fi jẹ ọ́. Bébà pélébé, ibi tí ẹnikẹ́ni kò ti ní yọjú, àti àpótí tí wọ́n là han gbogbo ènìyàn pé ó ṣófo kí wọ́n tó tì í, àwọn ni ọlọ́pàá tó ń ṣọ́ ọ lọ́jọ́ náà.

Ẹ̀kẹta, ẹ kà á síta. Kí wọ́n ka ìbò lójú gbogbo ènìyàn, ní ohùn òkè, kí aṣojú olùdíje kọ̀ọ̀kan máa kọ ọ́ sílẹ̀. Kí wọ́n buwọ́ lù èsì, kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri kí ẹnikẹ́ni tó kúrò níbẹ̀. Ẹni tó fìdí rẹmi tó sì rí i bí ó ṣe fìdí rẹmi kò ní ariwo púpọ̀ láti pa.

Bí ẹ bá ti ṣe àwọn wọ̀nyí, iṣẹ́ tó kù fún ọlọ́pàá kéré, ó sì hàn kedere. Wọ́n á dúró ní géètì. Ìyá tó wá láti ọjà á rí i pé ọ̀nà là, á wọlé, á tẹ̀ka, á jáde, á padà sí ìdí ọjà rẹ̀. Òun gan-an ni wọ́n wá dáàbò bò. Bí ọlọ́pàá bá wà tí ìyá yẹn sì ń bẹ̀rù láti wọlé, ẹgbẹ́ kò tíì rí ààbò rárá, bí wọ́n tilẹ̀ kó ọkọ̀ mẹ́ta wá.

Ibi tí a máa dá ọ̀rọ̀ dúró sí nìyí. Ní ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, a ó sọ̀rọ̀ nípa bí ọmọ ẹgbẹ́ lásán, tí kò kàwé ìṣirò owó, ṣe lè ka àbọ̀ owó ọdọọdún ẹgbẹ́ kó sì mọ ibi tí ó yẹ kó ti béèrè ìbéèrè. Bí ìdìbò bá ń bọ̀ ní ẹgbẹ́ yín, ẹ fi ètò yìí ránṣẹ́ sí orí WhatsApp ẹgbẹ́ náà nísinsìnyí tí ẹnikẹ́ni kò tíì bínú. Bí ẹ bá ní ìbéèrè, ẹ fi ohùn yín ránṣẹ́, a ó gbọ́ ọ.